Orí Kẹfà: Eugeniusz Bodo, Gbajúmọ̀ Òṣèré Fíìmù Ìlú Warsaw

Ilẹ̀ tí ó ti ṣe iṣẹ́

Kí a tó sọ̀rọ̀ nípa ọkùnrin tí orí yìí dá lé, ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ́kọ́ mọ irú ilẹ̀ tí ó ti ṣe iṣẹ́ rẹ̀, nítorí ẹni tí kò bá mọ ìtàn Pólàndì yóò rò pé àwàdà lásán ni àwọn ará ibẹ̀ ń fi fíìmù ṣe ní àkókò náà, bẹ́ẹ̀ ni ohun tí wọ́n ń wá nínú rẹ̀ jinlẹ̀ ju ẹ̀rín lọ. Fún ọdún 123 gbáko, láti 1795 títí di 1918, kò sí orílẹ̀-èdè tí ń jẹ́ Pólàndì nínú àwòrán ilẹ̀ ayé: Rọ́síà mú apá kan, Prussia tí ó padà di ara Jámánì mú apá kejì, Austríà sì mú èyí tí ó kù, gẹ́gẹ́ bí ọdẹ mẹ́ta ti í pín ẹran tí wọ́n jọ pa. Ní ọjọ́ 11 oṣù Kọkànlá ọdún 1918, nígbà tí Ogun Àgbáyé Kìíní parí, tí agbára àwọn ọba mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì ti fọ́, Pólàndì tún di orílẹ̀-èdè tí ó dá dúró. Ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1939, àwọn ọmọ-ogun Hitler tún ya wọ inú rẹ̀. Láàárín ọjọ́ méjèèjì yìí, tí kò pé ọdún mọ́kànlélógún, ni òkìkí Eugeniusz Bodo ti bẹ̀rẹ̀, tí ó gbilẹ̀, tí ó sì dópin.

Àwọn ènìyàn tí àjèjì ti ń ṣe àkóso lé lórí láti ìgbà baba ńlá wọn, tí wọ́n ti fi òfin lé èdè wọn kúrò ní ilé-ìwé ní ọ̀pọ̀ agbègbè, kò yà ni lẹ́nu pé nígbà tí wọ́n gba òmìnira, ibi tí wọ́n ti lè fi èdè ìyá wọn kọrin, kí wọ́n fi í bú ìjọba, kí wọ́n sì fi í tọrọ ìfẹ́ lọ́wọ́ ọmọge, ni wọ́n ń wá kiri. Inú ilé eré ni wọ́n ti rí i, àti lẹ́yìn náà nínú gbọ̀ngán sinimá. Àwọn olówó ilẹ̀ náà kò pọ̀. Owó orí tí wọ́n ń gbà lórí tíkẹ́ẹ̀tì sinimá ga. Ilé-iṣẹ́ fíìmù kan a dìde lónìí, a sì wọlé sùn lẹ́yìn fíìmù kan tàbí méjì. Síbẹ̀, ẹni tí a ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí ṣe fíìmù bí ọgbọ̀n, ó sì jẹ́ pé títí di òní, orin tí ó kọ nínú wọn kò tíì kúrò lẹ́nu àwọn ọmọ Pólàndì.

Orúkọ ilé àti orúkọ orí ìtàgé

Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Bohdan Eugène Junod ni orúkọ tí àwọn òbí rẹ̀ sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bí i ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá ọdún 1899. Teodor Junod ni baba rẹ̀, ọmọ ilẹ̀ Swítsàlandì. Jadwiga Anna Dorota Dylewska ni ìyá rẹ̀, ọmọ Pólàndì. Nítorí pé ti baba ni òfin ń tẹ̀ lé, ọmọ Swítsàlandì ni ìwé pe ọmọ náà láti ìgbà èwe rẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé èdè Pólàndì ni ó fi ń lá àlá.

Baba yìí kì í ṣe ẹni kékeré nínú ìtàn sinimá ilẹ̀ náà. Ní àkókò tí àwòrán tí ń rìn ṣì jẹ́ ohun ìyanu, Teodor Junod jẹ́ alárìnjó tí ń gbé ẹ̀rọ sinimá rẹ̀ láti ìlú dé ìlú lábẹ́ ìjọba ọba Rọ́síà, kí ẹsẹ̀ rẹ̀ tó rọlẹ̀ sí Łódź, ìlú àwọn ilé-iṣẹ́ aṣọ híhun, níbi tí ọmọ Pólàndì, Júù àti ọmọ Jámánì ti ń gbé pọ̀ nínú èéfín kan náà. Níbẹ̀ ni ó ti dá gbọ̀ngán kan sílẹ̀ tí ó pè ní Urania. Wọ́n ń fi fíìmù hàn níbẹ̀, àwọn olórin, onídán àti oníjó sì ń ṣeré láàárín fíìmù kan sí èkejì. Ẹni bí ni là á jọ: ọmọ tí ó dàgbà sí ẹ̀yìn aṣọ ìkélé, tí ó ń rí i bí ọkùnrin tí ń sunkún nínú yàrá ìmúra ṣe ń jáde síta tí ó sì ń pa gbogbo ilé lẹ́rìn-ín, irú ọmọ bẹ́ẹ̀ kò ní jókòó ti ìwé ìṣirò. Ní 1917, kí ó tó pé ọmọ ọdún méjìdínlógún, ó ti fi ilé sílẹ̀, ó ti dé Poznań tí ó ṣì wà lọ́wọ́ Jámánì nígbà náà, ó sì ti bọ́ sí orí ìtàgé.

Orúkọ tí ó yàn fún ara rẹ̀ nìyí: ó mú Bo láti ara Bohdan tirẹ̀, ó mú Do láti ara Dorota ti ìyá rẹ̀, ó so wọ́n pọ̀, ó di Bodo. Ìyá ni wúrà, baba ni dígí. Láti ọjọ́ náà ni ọkùnrin kan ti ń jẹ́ ènìyàn méjì: Bodo ni gbogbo ìlú mọ̀ tí wọ́n sì ń pè ní tiwọn, Junod sì ni ẹni tí ó wà nínú ìwé ìrìnnà Swítsàlandì nínú àpótí rẹ̀. Kí akẹ́kọ̀ọ́ fi ọ̀rọ̀ ìwé ìrìnnà yìí sọ́kàn, nítorí a ó tún bá a pàdé níwájú, ní ibi tí kò dùn.

Àwọn ilé eré alẹ́

Ní 1919, lẹ́yìn tí ó ti ṣe iṣẹ́ díẹ̀ ní Lublin, Bodo dé Warsaw, olú-ìlú orílẹ̀-èdè tuntun, ìlú tí odò Vistula là já, ìlú oníṣòwò, ìlú akéwì, ìlú tí ọlọ́lá àti mẹ̀kúnnù jọ ń tì ara wọn ní ẹnu-ọ̀nà ilé eré. Ọdún yẹn gan-an ni wọ́n dá Qui Pro Quo sílẹ̀ ní òpópónà Senatorska, ilé eré alẹ́ tí irú rẹ̀ ń jẹ́ kábárẹ́, tí òkìkí rẹ̀ sì borí ti gbogbo àwọn yòókù títí ó fi kógbá sílé ní 1931.

Ó ṣe pàtàkì kí a mọ ohun tí kábárẹ́ jẹ́, nítorí inú rẹ̀ ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú fíìmù apanilẹ́rìn-ín Pólàndì ti jáde. Wọn kì í ṣe ìtàn kan níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Orin kúkúrú, ijó, àwàdà, ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ tí a sọ sí àwọn olóṣèlú, gbogbo rẹ̀ ni wọ́n ń tò tẹ̀lé ara wọn, tí ẹnì kan yóò sì dúró níwájú aṣọ ìkélé, pẹ̀lú aṣọ àríyá lọ́rùn rẹ̀, tí yóò máa bá àwọn òǹwòran tàkúrọ̀sọ. Fryderyk Járosy, ẹni tí orírun rẹ̀ jẹ́ Hungary, ni ó wá di aláṣẹ Qui Pro Quo, àṣìsọ rẹ̀ nínú èdè Pólàndì sì wà lára ohun tí wọ́n fi fẹ́ràn rẹ̀. Àwọn akéwì ńlá bíi Julian Tuwim àti Marian Hemar ni wọ́n ń kọ ọ̀rọ̀ sí àwọn òṣèré lẹ́nu. Hanka Ordonówna, Zula Pogorzelska, Mira Zimińska àti Adolf Dymsza sì wà lára àwọn tí ń fi ọ̀rọ̀ náà dárà. Àárín irú àwọn àgbà yìí ni ọ̀dọ́mọkùnrin ará Łódź bọ́ sí, ó sì tún rìn kọjá sí àwọn ilé eré mìíràn, Perskie Oko àti Morskie Oko, níbi tí Andrzej Włast ti ń gbé ijó àti aṣọ aláràbarà jáde lọ́nà tí ojú kò fi ní gbàgbé.

Èyí tí Bodo kọ́ níbẹ̀ kò sí ní ilé-ẹ̀kọ́ kankan. Òṣèré kábárẹ́ kò ní ju ìṣẹ́jú mẹ́ta tàbí mẹ́rin lọ láti fi mú ọkàn òǹwòran tí ó ti jẹun, tí ó ti mutí, tí ó sì ń bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀ lórí ìjókòó. Bí ó bá kùnà, kò sí ìran kejì tí yóò fi tún un ṣe. Ó kọ́ láti dúró díẹ̀ kí ó tó sọ ọ̀rọ̀ tí ó ń pa ni lẹ́rìn-ín. Ó kọ́ láti kọrin bí ẹni ń sọ̀rọ̀, nítorí ohùn rẹ̀ kò tóbi, kò sì ga. Ó kọ́ láti máa rìn, afínjú ọkùnrin tí ń dé fìlà bí ẹni ń dé adé, títí tí ìrìn rẹ̀ nìkan fi tó àwọn ènìyàn láti pàtẹ́wọ́.

Fíìmù aláìfọhùn, àti ikú kan lójú ọ̀nà

Fíìmù àkọ́kọ́ tí ó ṣe ni Rywale, ní 1925. Czerwony błazen tẹ̀ lé e ní 1926, Uśmiech losu sì jáde ní 1927. A kò ní pẹ́ lórí ìwọ̀nyí. Ẹni tí agbára rẹ̀ wà nínú ohùn, nínú orin àti nínú ọ̀rọ̀ tí a mọ ìgbà tí a ń sọ ọ́, kí ni yóò ṣe nínú àwòrán tí kò lè sọ̀rọ̀? Ojú rẹ̀ fani mọ́ra, ó sì tó fún ìgbà náà.

Nígbà tí òkìkí rẹ̀ ń ràn bí ọyẹ́, nǹkan búburú kan ṣẹlẹ̀. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1929, òun àti àwọn òṣèré ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wà nínú ọkọ̀ tí òun fúnra rẹ̀ ń wà. Ní ẹ̀bá Łowicz, ọkọ̀ náà dànù, Witold Roland, ọ̀kan nínú wọn, sì kú. Ilé-ẹjọ́ dá Bodo lẹ́bi, ṣùgbọ́n wọn kò ní kí ó lọ jókòó sẹ́wọ̀n. Bí òǹwòran bá padà wo àwọn fíìmù rẹ̀ tí ó jáde lẹ́yìn ọdún yẹn, tí ó rí bí ó ṣe ń rẹ́rìn-ín tẹ̀rín-tẹ̀rín, kí ó rántí pé ẹni tí ń rẹ́rìn-ín náà mọ ohun tí ó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, tí ó ju èje lọ.

Nígbà tí àwòrán la ohùn

Ní 1930, fíìmù Pólàndì bẹ̀rẹ̀ sí fọhùn pẹ̀lú Moralność pani Dulskiej. Ọ̀pọ̀ òṣèré tí ó lẹ́wà tí kò ní ohùn ni ìgbà tuntun yìí tì sẹ́gbẹ̀ẹ́, ṣùgbọ́n ní ti àwọn ọmọ kábárẹ́, ìgbà wọn ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni. Wọ́n mú àwọn akọrin wọn, àwọn akéwì wọn àti àwọn àwàdà wọn, wọ́n kó o wọ inú fíìmù lódidi. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ fíìmù àkókò náà fi dà bí ẹni pé orin ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe, kí wọ́n tó wá ìtàn tí wọn yóò so mọ́ ọn.

Bodo kò fẹ́ jẹ́ alágbàṣe lọ títí. Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà: ní 1931, òun, olùdarí fíìmù Michał Waszyński àti òṣèré Adam Brodzisz dá ilé-iṣẹ́ kan sílẹ̀, wọ́n sì fi lẹ́tà àkọ́kọ́ nínú orúkọ wọn pè é ní B-W-B. Ní 1933 ó tún dá tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì pè é ní Urania-Film, kí orúkọ gbọ̀ngán baba rẹ̀ ní Łódź má bàa parun. Òṣèré tí ó gbọ́n tó bẹ́ẹ̀ nípa owó kò pọ̀ ní ìgbà náà. Ní tèmi, ọgbọ́n yìí ni ó jẹ́ kí ó lè yan ipa tí ó bá a mu, nígbà tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń gba ohunkóhun tí wọ́n bá gbé lé wọn lọ́wọ́.

Fíìmù méjì wà ní àkókò yìí tí òǹkàwé ní ilẹ̀ Áfíríkà kò gbọdọ̀ fi ojú fo. Ti àkọ́kọ́ ni Głos pustyni ti ọdún 1932, tí wọ́n gbé ẹ̀rọ wọn lọ sí Àlgéríà láti yà á, láti inú ìtàn tí Ferdynand Ossendowski kọ. Wọ́n wé láwàní fún Bodo, ó di ṣéríkí aginjù, olórí Lárúbáwá tí ń bá àwọn ọmọ-ogun Faransé fà á. Èkejì ni Czarna perła ti 1934. Obìnrin tí ó bá a ṣe é ni Anne Chevalier, tí ayé mọ̀ sí Reri, ọmọ àwọn erékùṣù Tàhítì, ẹni tí F. W. Murnau ti fi ṣe fíìmù Tabu tí ó jáde ní 1931. Reri ń rin ìrìn-àjò káàkiri Yúróòpù nígbà tí Bodo rí i. Ìfẹ́ wọ̀ ọ́, ó sì mú kí wọ́n kọ ìtàn fíìmù kan nítorí rẹ̀. Nínú ìtàn náà, atukọ̀ ọmọ Pólàndì kan rí péálì dúdú he, ó di olówó, ó mú ọmọ Tàhítì náà wá sí Warsaw, ó sì dà á nínú ìfẹ́. Wọ́n tún kọ orin kan sí i lẹ́nu, tí ó ti ń wí pé nítorí olùfẹ́ òun, òun ìbá fẹ́ láti di aláwọ̀ funfun.

Ibi tí a bá pè lórí, a kì í fi tẹlẹ̀. Orin náà dùn, ohùn obìnrin náà sì tutù, ṣùgbọ́n ohun tí ó ń sọ kò dára, ó sì fi hàn wá pé orílẹ̀-èdè tí àwọn ẹlòmíràn ti fi ẹsẹ̀ tẹ̀ mọ́lẹ̀ fún ọdún 123 lè gbà, láìronú, pé àwọ̀ tirẹ̀ ni gbogbo ayé gbọ́dọ̀ máa tọrọ. Pólàndì kò ní ilẹ̀ amúnisìn kankan ní Áfíríkà tàbí ní òkun Pàsífíìkì. Ojú tí ó fi ń wo àwọn ènìyàn ibẹ̀, láti inú ìwé ìtàn àti fíìmù àwọn tí ó ní ni ó ti yá a. Ìfẹ́ òótọ́ tí ó wà láàárín Bodo àti Reri kò pẹ́ títí. Ìgbéyàwó tí àwọn oníwèé-ìròyìn ń kọ nípa rẹ̀ kò wáyé, obìnrin náà sì padà sí ilẹ̀ rẹ̀.

Ọ̀gá nínú àwàdà

Bí a bá rí erin, kí a sọ pé a rí erin. Fíìmù tí Bodo fi jẹ́ ẹni tí a kò lè gbàgbé ni Piętro wyżej, tí Leon Trystan darí ní 1937, tí Urania-Film sì gbé jáde. Ìtàn rẹ̀ kò le. Ọkùnrin méjì tí wọn kò bá ara wọn tan, ṣùgbọ́n tí orúkọ ìdílé àwọn méjèèjì jẹ́ Pączek, ń gbé inú ilé kan náà: àgbàlagbà onílé wà nísàlẹ̀, ó fẹ́ràn orin àwọn ọ̀gá àtijọ́, òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ a sì máa jókòó ta gòjé, Henryk Pączek, tí Bodo ṣe, ayálégbé tí ń sọ̀rọ̀ lórí rédíò, wà lókè, jáàsì ni tirẹ̀. Ọmọge kan, tí Helena Grossówna ṣe, wá kí onílé tí í ṣe ìbátan rẹ̀, orúkọ tí ó rí lára ilẹ̀kùn sì ṣì í lọ́nà, ó gòkè lọ sí yàrá Henryk. Gbogbo ìyókù ti ara àṣìṣe yìí wá.

Ohun tí ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ ṣàkíyèsí ni ọ̀nà tí wọ́n gbà lo orin. Henryk Wars ni ó ṣe ohùn orin, Emanuel Schlechter ni ó kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Nígbà tí Henryk Pączek ń múra láti lọ pàdé olólùfẹ́ rẹ̀, ó kọ Umówiłem się z nią na dziewiątą, orin ọkùnrin tí ó ti dá àdéhùn fún aago mẹ́sàn-án. Kò gbé ohùn sókè, kò na ọwọ́ síwájú bí àwọn olórin ilé eré ńlá, ó kàn ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ ni, bí ọ̀dọ́mọkùnrin èyíkéyìí tí inú rẹ̀ dùn nínú yàrá rẹ̀. Ẹ̀kọ́ kábárẹ́ nìyẹn, ṣùgbọ́n ó ti rí i pé kámẹ́rà súnmọ́ òun ju ìjókòó iwájú lọ, ó sì ti dín gbogbo rẹ̀ kù. Ní ìran mìíràn, níbi àríyá onímúra àràmàǹdà, ó jáde pẹ̀lú wíìgì àti aṣọ obìnrin bíi Mae West, gbajúmọ̀ òṣèré Amẹ́ríkà, ó sì kọ orin kan tí ń jẹ́ Sex appeal. Ọkùnrin tí ó múra bí obìnrin jẹ́ àwàdà àtijọ́, ẹnikẹ́ni lè fi í pa ni lẹ́rìn-ín. Ohun tí ó ṣọ̀wọ́n ni kí ọkùnrin ṣe é láìfi obìnrin ṣẹ̀sín, kí ó gbà pé òun lẹ́wà, kí òǹwòran náà sì gbà bẹ́ẹ̀ títí orin fi parí. Bodo ṣe é.

Ní 1938, iṣẹ́ pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ bí ẹni tí ó mọ̀ pé ilẹ̀ ń ṣú. Òun fúnra rẹ̀ ni ó darí Królowa przedmieścia àti Za winy niepopełnione. Òun àti Adolf Dymsza jọ ṣe Robert i Bertrand àti Paweł i Gaweł. Nínú èyí tí a dárúkọ gbẹ̀yìn yìí ni àwọn méjèèjì ti kọ orin ìrẹmọlẹ́kún kan, Ach śpij kochanie, tí àwọn òbí Pólàndì ṣì fi ń tu ọmọ wọn nínú. Ní ọdún yẹn kan náà, ó ṣe ipa tí kò ní ẹ̀rín nínú rárá nínú Strachy, fíìmù nípa àwọn ọmọge oníjó àti ìyà tí ó wà lẹ́yìn iná ìtàgé. Àwọn alárìíwísí ìgbà náà a máa sọ pé fíìmù apanilẹ́rìn-ín Warsaw jẹ́ ohun tí a fi ìkánjú sè, wọ́n sì jàre ní ọ̀pọ̀ ìgbà: ìtàn wọn a máa jọra, òpin wọn a sì máa hàn láti ìbẹ̀rẹ̀. Èyí tí wọn kò rí ni pé orin àti ìwà òṣèré lè pẹ́ láyé ju ìtàn tí a fi gbé e lọ. Ní 1939 Bodo ṣí ilé ìmukọfí kan ní àárín Warsaw, Café-Bodo. Kò pẹ́ tí ó ṣí i tí bọ́ǹbù bẹ̀rẹ̀ sí rọ̀.

Ogun Hitler, àti ìwé ìrìnnà

Nígbà tí Jámánì ń bọ̀ láti ìwọ̀-oòrùn, ọ̀pọ̀ òṣèré sá gba ìlà-oòrùn lọ, Bodo sì wà lára àwọn tí ó dé Lwów. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹsàn-án, àwọn ọmọ-ogun Soviet pẹ̀lú wọlé láti ẹ̀gbẹ́ kejì, ìlú náà sì bọ́ sí ọwọ́ wọn. Henryk Wars kó ẹgbẹ́ olórin jáàsì kan jọ níbẹ̀, Bodo ń bá wọn kọrin, wọ́n sì mú wọn rin ìrìn-àjò eré káàkiri ilẹ̀ Soviet. Ó kọ orin ní èdè Rọ́síà, wọ́n sì gbà á sílẹ̀ sínú àwo. Àwọn kan lè fi èyí bú u; ẹni tí ebi ń pa, tí ogun ká mọ́ láàárín ọba aláṣẹ méjì, kì í ní ọ̀nà púpọ̀ tí yóò yàn.

Nígbà tí ó padà sí Lwów, ó ń wá ọ̀nà láti jáde kúrò ní ilẹ̀ náà. Ìgbà yìí ni ó rántí ìwé ìrìnnà Swítsàlandì rẹ̀. Swítsàlandì kò dá sí ogun ẹnikẹ́ni. Ọmọ Swítsàlandì lè béèrè pé kí wọ́n jẹ́ kí òun lọ. Ṣùgbọ́n ní ojú àwọn ọlọ́pàá abẹ́nú Soviet tí wọ́n ń pè ní NKVD, ọkùnrin tí ń jẹ́ orúkọ méjì, tí ó mọ èdè púpọ̀, tí ó ní ìwé ilẹ̀ òkèèrè, amí ni yóò jẹ́. Ní ọjọ́ 22 oṣù Kẹfà ọdún 1941 Jámánì kọlu Soviet. Ní ọjọ́ 26, wọ́n mú Bodo.

Wọ́n gbé e lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n Butyrki ní Moscow. Ní oṣù Keje ọdún yẹn kan náà, ìjọba Pólàndì tí ó wà ní ìgbèkùn ní London àti ìjọba Soviet fọwọ́ sí àdéhùn tí Sikorski àti Mayski ṣe, èyí tí ó mú kí wọ́n dá àwọn ọmọ Pólàndì sílẹ̀ kúrò ní ẹ̀wọ̀n àti ní àgọ́ ìṣẹ́níṣẹ̀ẹ́. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún jáde. Bodo kò jáde, nítorí ọmọ Swítsàlandì ni ìwé pè é. Ọkùnrin tí ó kọ orin Warsaw jù, tí orúkọ rẹ̀ jẹ́ ti ìyá rẹ̀ ọmọ Pólàndì, òfin kò mọ̀ ọ́n sí ọmọ Pólàndì ní ọjọ́ tí ó ṣe é ní àǹfààní jù láti jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ìwé tí ó rò pé yóò jẹ́ àpáta ààbò ni ó di okùn lọ́rùn rẹ̀. Wọ́n pè é ní ẹni tí ó léwu fún àwùjọ, wọ́n sọ ọ́ sí ẹ̀wọ̀n ọdún márùn-ún, wọ́n sì fi í ránṣẹ́ sí àríwá. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹwàá ọdún 1943, ní àgọ́ kan ní Kotlas, ní agbègbè Arkhangelsk, ebi àti àárẹ̀ pa á. Kò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógójì.

Irọ́ tí ó pẹ́ láyé

Lẹ́yìn ogun, Pólàndì bọ́ sí abẹ́ òjìji Moscow, kò sì sí ẹni tí ó lè kọ ọ́ sínú ìwé pé ọwọ́ Soviet ni àyànfẹ́ òṣèré kú sí. Ìtàn tí wọ́n ń sọ fún àwọn ènìyàn ni pé àwọn ará Jámánì ni wọ́n pa á ní Lwów ní 1941. Jámánì ti pa ènìyàn púpọ̀ tó bẹ́ẹ̀ ní Lwów tí irọ́ náà fi rọrùn láti gbà gbọ́. Schlechter, ẹni tí ó kọ ọ̀rọ̀ orin rẹ̀, tí ó jẹ́ Júù, wà lára àwọn tí wọ́n pa níbẹ̀ ní tòótọ́. Ṣùgbọ́n bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a, tirẹ̀ sì ju ogún ọdún lọ. Lẹ́yìn tí ìjọba Kọ́múníìsì wó ní 1989, àwọn ìwé àkọsílẹ̀ jáde, àwọn ìbátan rẹ̀ sì mọ ibi tí ó kú sí. Ní 1997, Stanisław Janicki ṣe fíìmù kan lórí ìgbésí-ayé rẹ̀, ó sì fi àkọlé Za winy niepopełnione, fíìmù tí Bodo fúnra rẹ̀ darí ní 1938, pè é, àkọlé tí ó túmọ̀ sí nítorí ẹ̀ṣẹ̀ tí a kò dá. Ní 2011 wọ́n gbé òkúta ìrántí kalẹ̀ fún un ní Kotlas, ní 2016 sì ni tẹlifíṣọ̀n Pólàndì ṣe eré alápá púpọ̀ nípa rẹ̀.

Ní ti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, Wars àti Waszyński tẹ̀ lé ẹgbẹ́ ọmọ-ogun Pólàndì tí Gẹ́nẹ́rà Anders ń darí jáde kúrò ní ilẹ̀ Soviet. Wars di olórin fíìmù ní Amẹ́ríkà, Waszyński sì ń ṣiṣẹ́ fíìmù lọ ní Ítálì àti Spéènì. Dymsza dúró sí Warsaw lábẹ́ Jámánì, ó ṣeré níbẹ̀, àwọn ẹgbẹ́ òṣèré sì fìyà jẹ ẹ́ nítorí rẹ̀ lẹ́yìn ogun.

A rọ akẹ́kọ̀ọ́ pé kí ó má ṣe fi ohun tí a kọ síbí yìí nìkan ṣe ìdájọ́ Bodo. Piętro wyżej ṣì wà, a sì lè rí i wò. Kí ó kọ́kọ́ wò ó fún ìtàn rẹ̀ láìdá a dúró. Kí ó sì padà wo ìran orin aago mẹ́sàn-án àti ti Mae West lọ́tọ̀, kí ó kọ sílẹ̀ ibi tí Bodo ti dákẹ́, ibi tí ó ti yí ojú, àti ohun tí kámẹ́rà ń ṣe ní àkókò kọ̀ọ̀kan, nítorí orí tí ó kàn yóò bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀.